Ọmọ tí Ìyá Rẹ̀ ń Wò Lókèèrè

Nígbà tí mo sọ fún ìyá mi pé wọ́n ti ní kí n lọ máa ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì mi ní àgọ́ àwọn adẹ́tẹ̀, kò bá mi jà. Ẹ̀wà ló ń ṣà lọ́wọ́. Ó gbé àtẹ náà kalẹ̀, ó wọ yàrá lọ, kò sì jáde mọ́ títí ọbẹ̀ tó wà lórí iná fi jó. Èmi ni mo sọ ìkòkò náà kalẹ̀. Ilé wa ní Ìfàkì kò jìnnà sí ọ̀nà tó lọ sí Adó, àwọn tó ń kọjá sì máa ń yà kí ìyá mi. Lọ́jọ́ yẹn, ẹnikẹ́ni tó bá yà, èmi ni mo ń dá a lóhùn pé orí ń fọ́ ọ.

N kò dá a lẹ́bi. Ní àwọn ọdún tí mò ń sọ yìí, kí òmìnira tó dé, ìdílé tí ẹ̀tẹ̀ bá ti wọ̀ kì í rọrùn fún láti fọmọ fọ́kọ. Bí wọ́n bá fẹ́ gbéyàwó, wọ́n á kọ́kọ́ wádìí ìdílé: ṣé wèrè wà níbẹ̀, ṣé ẹ̀tẹ̀ wà níbẹ̀? Ìyá mi fi èrè gaàrí rán mi níwèé, èmi wá ń lọ fi ọwọ́ tó tọ́ dàgbà di ẹsẹ̀ adẹ́tẹ̀. Nígbà àkọ́kọ́ tí mo wálé láti ibi iṣẹ́, mo rí i pé ó ti ra àwo tánńganran tuntun kan, ó dá a gbé sórí pẹpẹ lọ́tọ̀. Inú rẹ̀ ló bu iyán mi sí. Mo jẹun tán, mo fọ àwo náà fúnra mi, mo dá a padà síbi tó wà.

Mo ní àfẹ́sọ́nà nígbà náà, olùkọ́ ni ní Ìkọ̀lé. Àwọn ẹbí rẹ̀ ní kí n mú ọ̀kan, òun tàbí àgọ́. Òun fúnra rẹ̀ gun kẹ̀kẹ́ wá bá mi, ó dúró létí títì, kò wọlé, ó bẹ̀ mí títí. Mo ní kó fún mi ní ọdún kan kí n ronú. Kí ọdún náà tó yí po, ó ti gbé ẹlòmíràn níyàwó. Ẹnu obìnrin tó ń ta búrẹ́dì fún wa ni mo ti gbọ́ ọ. Mo sunkún díẹ̀ lẹ́yìn ilé, mo sì padà sídìí egbò tí mò ń fọ̀.

Àgọ́ náà wà nínú igbó, béèyàn bá kọjá Ọ̀yẹ́ tó ń lọ sí Ìkọ̀lé. Kò ní ọgbà, kò ní ilẹ̀kùn. Ta ni ìbá wọ ibẹ̀ láìní ìdí, níbo sì ni àwọn tó wà nínú rẹ̀ ìbá lọ? Ilé amọ̀ ni wọ́n tò, ti àwọn ọkùnrin lápá kan, ti àwọn obìnrin lápá kejì, ṣọ́ọ̀ṣì kékeré wà láàárín, oko iṣu àti ẹ̀gẹ́ wọn sì wà lẹ́yìn. Òyìnbó obìnrin kan ni olórí wa, nọ́ọ̀sì lòun náà, àgbàlagbà tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Sístà ni gbogbo wa ń pè é.

Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ̀ nípa ẹ̀tẹ̀ ni pé kì í dunni. Ibi tó ti burú jù gan-an nìyẹn. Iná á jó ọwọ́, olówó kò ní mọ̀. Ẹ̀gún á wọ ẹsẹ̀, á rà sínú rẹ̀. Mo ti rí ọkùnrin tó jí láàárọ̀ tó rí i pé eku ti jẹ ọmọ ìka ẹsẹ̀ òun lójú oorun. Òun fúnra rẹ̀ ló rìn wá sọ fún mi, ohùn rẹ̀ sì dà bí ohùn ẹni tó ń sọ pé ewúrẹ́ jẹ ẹ̀bù iṣu òun. Iṣẹ́ mi ni kí n máa rẹ ẹsẹ̀ wọn sínú omi, kí n gé ara tó ti kú kúrò, kí n fi báńdéèjì dì í. Lẹ́yìn náà ni mo máa ń kọ́ wọn pé kí wọ́n máa fi ojú wo ohun tí ara kò lè sọ fún wọn mọ́.

Ìgbà ọyẹ́ ni wọ́n mú obìnrin tí mo fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ dé. Ará Òsì ni. Ọkọ rẹ̀ ló mú un wá, ṣùgbọ́n iwájú réré ni ọkọ ń rìn, obìnrin náà ń bọ̀ lẹ́yìn pẹ̀lú ẹrù lórí àti oyún nínú. Nígbà tí wọ́n dé ọ̀dọ̀ wa, ọkùnrin náà sọ iṣu tó rù kalẹ̀, ó sọ fún Sístà pé ìyàwó òun rèé, pé kò ní pẹ́ bímọ. Ó wo ìyàwó rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Mo rò pé ó fẹ́ sọ̀rọ̀. Ó yíjú padà, ó sì lọ.

Ahunṣọ ni obìnrin náà. Kíjìpá ló ń hun, ó sì mọ̀ ọ́n hun débi pé láti Ìdó àti Ìgbólé ni wọ́n ti ń gbé iṣẹ́ wá fún un. Ó sọ fún mi pé lọ́jọ́ kan òun jókòó sídìí òfì òun, òun na ọwọ́ kan sẹ́yìn, òun kò mọ̀ pé ìkòkò tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ ló wà níbẹ̀. Òun kàn ń gbóòórùn ẹran tó ń jó ni. Òun tiẹ̀ béèrè pé ta ló ń sun ẹran. Lẹ́yìn ọjọ́ yẹn ni wọ́n wo ẹ̀yìn rẹ̀, tí wọ́n rí àwọn ojú ibi tó pọ́n. Àwọn ará ilé ọkọ rẹ̀ kò lé e. Wọ́n kàn bẹ̀rẹ̀ sí í gbé oúnjẹ rẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà. Nígbà tó yá, wọ́n kó o lọ sí ahéré oko, ibẹ̀ ló sì wà títí kátíkíìsì ìlú wọn fi júwe ọ̀dọ̀ wa fún ọkọ rẹ̀.

Ó jù mí lọ ní ọdún díẹ̀, nítorí náà ẹ̀gbọ́n ni mo ń pè é. Òun náà ń pè mí ní nọ́ọ̀sì mi, kò sì fìgbà kan pè mí ní “ìwọ”.

Òfin àgọ́ ni pé ọmọ tí wọ́n bá bí níbẹ̀ kò gbọdọ̀ bá ìyá rẹ̀ gbé, kí àrùn má baà ràn án. Sístà ti ṣàlàyé fún un láti ọjọ́ tó dé. Ó ní ó ti yé òun. Ṣùgbọ́n ohun tó yé èèyàn nígbà tí ọmọ wà nínú yàtọ̀ sí ohun tí ojú ń rí nígbà tí ọmọ bá dé.

Àárọ̀ ọjọ́ kan tí òjò ń rọ̀ ló bímọ. Obìnrin ni. Èmi ni mo gbà á, tí mo gé ìwọ́ rẹ̀, tí mo wẹ̀ ẹ́. Sístà ní kí n gbé e dúró sẹ́nu ọ̀nà kí ìyá rẹ̀ rí i. Mo gbé e dúró.

Ó ní, “Nọ́ọ̀sì mi, ẹ yí i sí ìmọ́lẹ̀ kí n rí ojú rẹ̀ dáadáa.”

Mo yí i. Ó wò ó títí. Ó béèrè pé ṣé àwọn ìka rẹ̀ pé. Mo ní wọ́n pé. Ó ní kí n ṣí ẹsẹ̀ rẹ̀ kí òun rí ìyẹn náà. Mo ṣí i. Ó ní, “Ẹ máa gbé e lọ, òjò kò gbọdọ̀ pa á.”

Ìyá tó bí ẹ̀gbọ́n, opó kan tó ti ń darúgbó tí Sístà ti ránṣẹ́ pè, ti ń dúró dè mí ní Ọ̀yẹ́. Àwa méjèèjì jọ wọ lọ́rì débi tó gbé wa dé, a sì fẹsẹ̀ rin ìyókù dé Òsì, nítorí ó yẹ kí n kọ́ ọ bí yóò ṣe máa po mílíìkì agolo tí Sístà fún wa. Nígbà tí mo padà dé àgọ́, ọmú ìyá ọmọ náà ti kún, ó le bí òkúta. Mo fi ọ̀já gbà á láyà kí omi ọmú lè gbẹ. Bí mo ṣe ń fà á le ló ń béèrè lọ́wọ́ mi pé ṣé ó mu mílíìkì náà, ṣé kò pọ̀ ọ́. Mo ní ó mu ún. Ó ní òun dúpẹ́.

Ìyá àgbà náà gbìyànjú. Ó máa ń gbé ọmọ náà wá kí ìyá rẹ̀ lè rí i. Àyè kan wà níwájú àgọ́ tí wọ́n máa ń gbá mọ́ tónítóní, àga pákó wà lápá ìhín, òmíràn wà lápá ọ̀hún. Ìyá á jókòó sí ti ìhín, ìyá àgbà àti ọmọ á jókòó sí ti ọ̀hún, wọn á sì máa sọ̀rọ̀ kọjá láàárín. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n ṣe mọ ìgbà tí ọmọ náà hu eyín, bẹ́ẹ̀ náà ló ṣe gbọ́ ohùn rẹ̀.

Ọjọ́ kan wà tí n kò lè gbàgbé. Ọmọ náà ti ń rìn. Bí àwọn àgbà ṣe ń sọ̀rọ̀ lọ́wọ́, ó sọ̀ kalẹ̀ lórí àga, ó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn tẹ̀ẹ́tẹ̀ẹ́ kọjá àyè náà, ọ̀dọ̀ ìyá rẹ̀ ló kọjú sí, ó na ọwọ́ méjèèjì. Ìyá rẹ̀ dìde. Mo rò pé yóò gbé e. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹ̀yìn rìn. Ọmọ ń bọ̀, ìyá ń sún sẹ́yìn. Ọmọ náà rò pé eré ni, ó ń rẹ́rìn-ín kèékèé, ó sì túbọ̀ ń yára. Ìyá náà ń rẹ́rìn-ín sí i kí ó má baà bẹ̀rù, omi sì ń dà lójú rẹ̀. Mo sáré lọ gbé ọmọ náà. Ó sunkún, ó ń jà lọ́wọ́ mi pé kí n sọ òun kalẹ̀ kí eré náà máa bá a lọ.

Kò pẹ́ sí ìgbà yẹn ni ìyá àgbà kú. Ẹnì kan tó wá gba oògùn ló mú ìròyìn náà wá, wọ́n ti sin ín kó tó dé etí wa. Ọkọ ẹ̀gbọ́n ti fẹ́ ìyàwó mìíràn, ọ̀dọ̀ ìyẹn ni wọ́n mú ọmọ náà lọ. Kò sẹ́ni tó tún gbé e wá mọ́. Nígbà tí ọjọ́ ìbẹ̀wò bá pé, ẹ̀gbọ́n á wẹ̀, á jókòó sórí àga pákó ti ìhín, títí oòrùn yóò fi kan orí. Mo máa ń wá iṣẹ́ lọ bẹ̀ ẹ́ kó lè rí ìdí dìde.

Oògùn oníhóró tí wọ́n ń lò nígbà náà dára, ṣùgbọ́n kì í yára. Ọdún ń gorí ọdún. Díẹ̀díẹ̀ ni ojú ara rẹ̀ ń padà, ṣùgbọ́n àwọn ìka rẹ̀ ti ká kò kí oògùn tó bá wọn, wọn kò sì nà mọ́. Nígbà tó yá, Sístà yẹ ara rẹ̀ wò léraléra, kò rí àrùn níbẹ̀ mọ́. Ó pè é, ó ní ó ti sàn, ó lè máa lọ sílé. Àwọn obìnrin àgọ́ kọrin fún un ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹ̀gbọ́n ní kí ọkùnrin kan tó jẹ́ télọ̀ láàárín wọn rán aṣọ ọmọdé kan fún òun. Kò mọ bí ọmọ náà ti tó, ó kàn fi ọwọ́ júwe gíga rẹ̀ ni, ó gbé ọwọ́ náà sókè, ó tún rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀ díẹ̀.

Èmi ni mo sìn ín lọ sí Òsì. Ó di gèlè, ó fi etí ìborùn bo ọwọ́ rẹ̀.

Ọkọ rẹ̀ ló jókòó síwájú ilé nígbà tí a dé. Kò kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n. Nígbà tó mọ̀ ọ́n, ó dìde, ó tún jókòó. Wọ́n gbé àpótí ìjókòó wá fún wa síta, lábẹ́ igi ọ̀pẹ, kì í ṣe nínú ilé. Ìyàwó tuntun, tó ní ọmọ lẹ́yìn, bu omi fún wa nínú igbá tí ẹnu rẹ̀ ti ya. Mo ṣàlàyé fún ọkùnrin náà pé ó ti sàn, pé kò lè ran ẹnikẹ́ni mọ́, pé èmi nọ́ọ̀sì ni mo sọ bẹ́ẹ̀. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Kì í ṣe ìkà èèyàn. Ó ní inú òun dùn pé ó wà láàyè. Lẹ́yìn náà ló rọra sọ ohun tí wọ́n ti ṣe. Ó ní àwọn àgbà ilé ti sọ fún ọmọ náà pé ojú ìkúnlẹ̀ ni ìyá rẹ̀ kú sí. Ó ní bí ìlú bá gbọ́ pé ọmọ adẹ́tẹ̀ ni, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kò ní bá a ṣeré, bó bá sì dàgbà, kò sẹ́ni tí yóò fẹ́ ẹ fún ọmọ rẹ̀. Ó wo ọwọ́ tí ẹ̀gbọ́n fi pamọ́ sábẹ́ ìborùn. Ó ní, “Kí ni kí n ṣe?”

Bí a ṣe wà níbẹ̀ ni ọmọ náà ti odò dé, ó ru omi. Ó sọ omi náà kalẹ̀, ó wá kúnlẹ̀ níwájú wa, ó ní ẹ káàbọ̀ mà. Ojú ìyá rẹ̀ ló gbé wọ̀, kò ku ibì kan. Ó wo bàbá rẹ̀, ó ń retí kí wọ́n sọ àlejò tí a jẹ́ fún òun. Bàbá rẹ̀ wolẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n ló sọ̀rọ̀. Ó ní, “Ọ̀rẹ́ ìyá rẹ àgbà ni mí. Mo ń kọjá lọ ni, mo ní kí n yà kí ará ilé.”

Ọmọ náà ní wọ́n ti kú. Ẹ̀gbọ́n ní òun gbọ́, òun bá a kẹ́dùn. Ó ní kí n bá òun yọ aṣọ inú àpò, mo sì nà án sí ọmọ náà. Ó gbé e lé àyà. Aṣọ náà ti kéré, kò ní wọ̀ ọ́. Ó dúpẹ́ bí ẹni tó bá a mu. Ẹ̀gbọ́n dìde, ó ní ọ̀nà jìn.

A ti rìn jìnnà sí ìlú kó tó lanu. Ó ní, “Ó mọ ìkúnlẹ̀ kí àgbà. Wọ́n kọ́ ọ dáadáa.” Lẹ́yìn náà ló jókòó sórí koríko lẹ́bàá ọ̀nà. Èmi náà jókòó tì í. Ibẹ̀ ni lọ́rì bá wa.

Ó padà sí àgọ́. Sístà fún un ní iṣẹ́ fífọ báńdéèjì, nígbà tó yá ó di ẹni tó ń gba àwọn obìnrin tuntun sílé. Òun ló ń fi omi fún wọn mu, òun ló ń fi ibi tí wọn yóò sùn hàn wọ́n. Bí ẹnikẹ́ni nínú wọn bá lóyún, òun ló máa ń jókòó tì í. N kò mọ ohun tó ń sọ fún wọn. Kì í jẹ́ kí ẹlòmíràn wà níbẹ̀.

Òmìnira dé, wọ́n pín ìrẹsì àti ẹran fún àwọn aláìsàn wa. Láàárín ìgbà náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í rán wa lọ sí àwọn ilé ìwé láti yẹ ara àwọn ọmọ wò, kí a lè tètè rí àrùn náà kó tó ba ẹ̀yà ara jẹ́. Ọjọ́ kan ni mo lọ sí ilé ìwé kan ní Ìfàkì ìlú wa, èyí tí à ń pè ní Mọ́dà, tí àwọn tó ti parí ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ń lọ. Wọ́n fún wa ní yàrá kan, àwọn ọmọbìnrin ń wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọ̀kan wọlé, ó yíjú sí ògiri, ó ká ẹ̀wù rẹ̀ sókè. Ojú ibi kan wà lẹ́yìn rẹ̀ tó fẹ̀ bí àtẹ́lẹwọ́ ọmọdé, ó pọ́n ju ara yòókù lọ. Mo ní kó di ojú rẹ̀, kó máa fi ìka tọ́ka sí ibi tí ìyẹ́ adìẹ tó wà lọ́wọ́ mi bá kàn. Ó tọ́ka sí gbogbo rẹ̀. Nígbà tí mo fi kan ojú ibi náà, kò mira. Mo tún fi kàn án. Ó ní, “Àǹtí, ṣé ẹ ti ṣe tán ni?”

Mo ní kó wọ ẹ̀wù rẹ̀, kó yíjú sí mi. Kí n tó béèrè ìlú rẹ̀ ni mo ti mọ̀ ọ́n. Ó ní ará Òsì lòun, pé ọ̀dọ̀ àbúrò bàbá òun lòun ń gbé ní Ìfàkì nítorí ìwé. Mo ní ó dára, mo ní kó padà sí kíláàsì. Alẹ́ ọjọ́ náà ni mo sọ fún Sístà.

Sístà ní ọ̀nà méjì ló wà. Àrùn náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀ ni, kò sì lè ran ẹlòmíràn. A lè mú ọmọ náà wá sí ilé àwọn ọmọdé ní àgọ́ wa, tàbí kí a máa fún un lóògùn níta, bí ẹni tó ṣeé gbára lé bá wà tí yóò máa rí i. Kí n sòótọ́, àgọ́ ni ọkàn mi fẹ́. Mò ń rò ó pé lẹ́yìn gbogbo ọdún wọ̀nyí, ìyá yóò gbé pẹ̀lú ọmọ rẹ̀. Pẹ̀lú èrò yẹn ni mo fi lọ bá ẹ̀gbọ́n níbi tó ti ń sá báńdéèjì. Mo mú un jókòó, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un.

Kò pariwo. Ó béèrè pé, “Ṣé èmi ni mo kó o ràn án?”

Mo ní kò rí bẹ́ẹ̀. Mo ní kò gbé lọ́dọ̀ rẹ̀ fún ọjọ́ kan, kò lè jẹ́ òun. Mo ní àrùn náà wà káàkiri, kò sẹ́ni tó mọ ọ̀dọ̀ ẹni tó ti rí i.

Ó ní, “Kò tilẹ̀ mu ọmú mi. N kò gbé e rí. Kí wá ni a ṣe gbogbo rẹ̀ fún?”

Mo sọ fún un pé wọ́n lè mú un wá síbí, pé òun fúnra rẹ̀ lè máa tọ́jú rẹ̀. Ojú rẹ̀ yí padà. Fún ìgbà díẹ̀, ayọ̀ ni mo rí níbẹ̀, mo rí i kedere. Lẹ́yìn náà ni ó gbá ọwọ́ mi mú. Kò fọwọ́ kàn mí bẹ́ẹ̀ rí láti ọjọ́ tí a ti mọra.

“Nọ́ọ̀sì mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má mú un wá síbí. Ẹni tó bá sun ibí yìí ní ọjọ́ kan, adẹ́tẹ̀ ni títí ayé. Èmi ti sàn, ẹ wò mí. Ẹ bá mi wo ọmọ mi níta. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ mọ̀. Òun náà kò gbọdọ̀ mọ̀ mí.”

Bí a ṣe ṣe é nìyẹn. Mo ránṣẹ́ pe bàbá ọmọ náà àti àbúrò rẹ̀ sílé ìyá mi, àwọn àti ìyá mi nìkan ni mo sì sọ fún. Bàbá náà béèrè bóyá ìyá ọmọ gbọ́. Mo ní ó gbọ́, mo sì sọ ohun tó wí. Ó ṣí fìlà, ó fi bo ojú rẹ̀. Ọmọ náà, a sọ fún un pé àrùn ara kan ni, pé oògùn rẹ̀ pẹ́ díẹ̀, pé kó má sọ fáwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ọjọ́ Sátidé ni mo máa ń wálé, ilé ìyá mi ló sì ti ń gba oògùn rẹ̀.

Ẹ̀rù ń bà mí pé kí ni ìyá mi yóò ṣe. Ó ti mọ ọmọ ẹni tó jẹ́, mo ti sọ fún un. Nígbà tí ọmọ náà kọ́kọ́ wá, ìyá mi gún iyán, ó bu ú sínú àwo kan ṣoṣo, ó ní kí àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta jókòó yí i ká. Òun ló kọ́kọ́ fọwọ́ bọ̀ ọ́.

Bí mo bá ti padà sí àgọ́, ẹ̀gbọ́n á ti máa dúró dè mí lójú ọ̀nà. Kì í béèrè ọ̀rọ̀ oògùn lákọ̀ọ́kọ́. Á ní kí ló wọ̀. Irú irun wo ló dì? Ṣé ó máa ń rẹ́rìn-ín? Kí ló bá yín sọ? Mo kọ́ láti máa fojú sí ohun tí n kì í wò tẹ́lẹ̀, kí n lè rí nǹkan sọ fún un. Mo ń sọ fún un pé ó ti ga jù mí lọ, pé ó fẹ́ràn ẹyin adìẹ, pé ó máa ń fi èékánná họ etí bó bá ń ronú. Á ní, “Bàbá rẹ̀ nìyẹn.” Ojú ibi ẹ̀yìn rẹ̀ ń dínkù. Nígbà tí mo sọ fún un pé ìyẹ́ adìẹ ti kàn án tó sì mọ̀ ọ́n, ẹ̀gbọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó sì gbé ọwọ́ rẹ̀ tó ká kò sókè ọ̀run.

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni ara ẹ̀gbọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í wú. Ẹsẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀, ó dé ojú. Dókítà kan wá wò ó, ó ní kíndìnrín ni, ẹ̀tẹ̀ àtijọ́ ti bà á jẹ́, kò sí ohun tí a lè ṣe ju ká máa mú un sùn ní ìrọ̀rùn. Mo jókòó tì í ní ọ̀sán kan, mo bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí n mú ọmọ náà wá, kí n tún ní ọ̀rẹ́ ìyá rẹ̀ àgbà ló ń ṣàìsàn.

Ó mi orí. Èémí rẹ̀ kò tó nǹkan mọ́. Ó ní, “Bí mo bá rí i báyìí, n óò pè é ní ọmọ mi. N kò ní lè mú un mọ́ra bíi ti ìjọ́sí.”

Ọjọ́bọ̀ ló kú. Àwọn ọkùnrin àgọ́ ló gbẹ́ ilẹ̀, àwọn tí ìka wọn kò pé ni wọ́n di ọkọ́ mú. Kò sí ará Òsì kankan níbẹ̀. Àwọn obìnrin tó gbà sílé, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ju erùpẹ̀ sí i. Sístà gbàdúrà. Ohùn rẹ̀ já láàárín.

Ní Sátidé, mo lọ sí Ìfàkì. Kò wù mí láti lọ, ṣùgbọ́n oògùn ọmọ náà ti tán. Ó ti dé ilé ìyá mi ṣáájú mi, ó ń bá a bó iṣu. Ó kúnlẹ̀ kí mi, ó gbójú sókè, ó wò mí.

“Àǹtí, ojú yín pọ́n. Ṣé kò sí nǹkan?”

Mo ní èèyàn mi kan ló ṣaláìsí. Ìyá mi gbé ọ̀bẹ kalẹ̀, ó yíjú sí ògiri.

Ọmọ náà ní, “Ẹ pẹ̀lẹ́ mà, ẹ kú ìrọ́jú. Ṣé ẹbí yín ni?”

“Ẹ̀gbọ́n mi ni.”

“Ṣé wọ́n bímọ sáyé?”

Mo ní wọ́n bí ẹyọ kan. Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú rẹ̀, torí pé ó rí omi lójú mi ni, kò sí ìdí mìíràn. Ó ní kí Ọlọ́run bá wọn wo ọmọ náà, ó ní kò rọrùn kéèyàn má ní ìyá, òun mọ̀ ọ́n. Mo ní àmín. Mo ka oògùn sí i lọ́wọ́, ó fi omi gbé e mì, ó sì padà sídìí iṣu tó ń bó.

Ó sàn pátápátá. Kò sí àmì kan lára rẹ̀. Ó parí ìwé rẹ̀, ó di olùkọ́, wọ́n wá tọrọ rẹ̀ láti Ìbàdàn. Wọ́n wádìí ìdílé rẹ̀ ní Òsì, wọn kò gbọ́ nǹkankan tó burú. N kò sọ ohun tí mo mọ̀ fún un, bàbá rẹ̀ pẹ̀lú kò sọ ọ́ títí tó fi kú. Nígbà mìíràn, mo máa ń rò pé ó yẹ kó mọ̀ pé ẹnì kan wà tó ń béèrè irun orí rẹ̀ lọ́sẹ̀ọ̀sẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe tèmi láti sọ.

Ọjọ́ Ajé tó tẹ̀lé ìsìnkú yẹn, mo padà sídìí iṣẹ́. Obìnrin tuntun kan ti dé láti apá Ìkọ̀lé, ó dúró sójú ọ̀nà pẹ̀lú ẹrù rẹ̀, kò sì sẹ́ni tó máa gbà á sílé. Mo bu omi fún un.